Ẹja Tí Mo Dá Padà Sómi

Ó ti lé lọ́sẹ̀ mẹ́fà tí ẹja kan ò jẹ́ kí n gbádùn. Kì í ṣe ẹja tí mo jẹ o, kò sì há mi lọ́fun. Ẹja àrọ̀ kékeré kan ni, kò ju kílò 0.4 lọ, èmi fúnra mi ni mo wò ó lójú tí mo ní "èyí ò sí lára wọn jàre, dá a padà sómi." Mo lè máa fọ abọ́ lọ́wọ́ kó sọ sí mi lọ́kàn. Mo lè wà nínú bọ́ọ̀sì ìdájí láti Ìkòròdú lọ sí Mile 12, tí gbogbo èèyàn ti ń sùn tí wọ́n ń forí gbá gíláàsì, èmi ń ka ẹja.

Bọ̀dá mi ń sin ẹja lẹ́yìn Ìgbógbó, pọ́ńdì kọnkéré méjì ló ní. Èmi ni mo ka sitátísíìkì nínú ilé wa, ṣùgbọ́n látìgbà tí mo ti sin ìjọba tán ni sábúkéètì yẹn ti wà nínú báàgì lókè kọ́bọ́ọ̀dù, iṣẹ́ tí mò ń ṣe ò kàn án rárá. Ìgbà tí bọ̀dá mi wá pè mí pé Màmá kan tó máa ń ra ẹja lọ́wọ́ àwọn, tó ń tajà ní Sábó, fẹ́ kó gbogbo ẹja pọ́ńdì kìíní lẹ́ẹ̀kan náà, pé kí n wá bá àwọn ṣírò iye kílò tó máa jẹ́ kí Màmá lè mọ iye owó tó máa wá, inú mi dùn ju bó ṣe yẹ lọ. Mo ní lónìí ni wọ́n máa mọ̀ pé owó iléèwé mi ò wọgbó.

Ẹja mẹ́wàá lórí sìkélì

Ẹni tó bá ti sin ẹja rí mọ̀ pé èèyàn kì í kó gbogbo ẹja jáde wọ̀n kó tún wá dá wọn padà, ara wọn á bó, àwọn míì á kú. Àwọ̀n la máa jù, a ó mú díẹ̀, a ó wọ̀n wọ́n, a ó wá áfíréèjì wọn, a ó wá fi iye ẹja tó wà nínú omi lọ́po ẹ̀. Sáńpù ni wọ́n ń pè é. Bọ̀dá mi máa ń ṣe é láti fi mọ iye fíìdì tí wọ́n máa jù, ẹja mẹ́ta mẹ́rin ni wọ́n máa ń mú, wọ́n á fojú díwọ̀n ìyókù, ó parí. Èmi ní rárá, lónìí a máa ṣe é bó ṣe yẹ, mẹ́wàá la máa mú.

Ọmọkùnrin tó ń bá wọn ṣiṣẹ́, ọmọ Àgbádárìgì ni, ó mọ omi bí ẹni mọ ẹ̀yìnkùlé ilé bàbá ẹ̀, òun ló ń ju àwọ̀n, èmi ń kọ ọ́ sílẹ̀, kílò kílò: 1.3, 0.9, 1.1, 1.4, 1.0, 1.2, 0.8, 1.1, 1.3, 0.9. Àpapọ̀ ẹ̀ jẹ́ 11.0. Ẹ pín in sọ́nà mẹ́wàá, 1.1. Kí n tó lanu, bọ̀dá mi ti tẹ̀ ẹ́ sórí fóònù, 1.1 lọ́nà 1,500 (iye ẹja inú pọ́ńdì nìyẹn), kílò 1,650, wọ́n sì ti ń pe Màmá.

Mo ní "Bọ̀dá, ẹ dúró ná, ẹja mẹ́wàá la wọ̀n o, a ò wọ̀n 1,500." Torí ìka ò dọ́gba, ẹja ò sì dọ́gba, ká ní mẹ́wàá míì la mú, kì í ṣe 1.1 la máa rí. Nǹkan tí mo kọ́ nílé ìwé nìyẹn, pé ká tó pariwo áfíréèjì, ká kọ́kọ́ wo bí ẹja ṣe jìnnà síra wọn. Ti àwọn mẹ́wàá yìí, 0.2 ni (òun ni wọ́n ń pè ní standard deviation). Ẹ pín in pẹ̀lú square root mẹ́wàá, ìyẹn 3.16, á ku 0.063. Nǹkan kékeré yẹn ló ń sọ bí áfíréèjì fúnra ẹ̀ ṣe lè máa yẹ̀ sọ́tùn-ún sósì. Mo fi 2.262 lọ́po ẹ̀ (mo máa sọ ibi tó ti wá), ó di 0.14. Mo wá sọ fún bọ̀dá mi pé áfíréèjì ẹja inú omi yìí máa wà láàárín 0.96 sí 1.24, gbogbo ẹ̀ lápapọ̀ lè jẹ́ 1,435, ó sì lè jẹ́ 1,865.

Wọ́n wò mí bí ẹni tó ń ṣépè. "Ta ló máa sọ irú ẹ̀ fún oníbàárà? Màmá á ní mi ò mọ nǹkan tí mò ń ṣe. Nọ́ńbà kan ṣoṣo làwọn èèyàn ń fẹ́." Mo dákẹ́. Ẹyin lọ̀rọ̀, 1,650 ti já bọ́ sí Màmá létí, kò sì ṣeé kó nílẹ̀ mọ́.

Ibi tí 2.262 ti wá

Ẹ jẹ́ kí n yà síbí díẹ̀, torí mo fẹ́ràn ìtàn yìí. Ọkùnrin kan wà tó ń jẹ́ William Gosset, ilé ìpọntí Guinness ní Dublin ló ti ń ṣiṣẹ́, Guinness tẹ́ ẹ mọ̀ yẹn náà, tó ní ilé ìpọntí sí Ikẹja níbí. Ọkà bálì àti àwọn nǹkan míì tí wọ́n fi ń pọntí ló ń yẹ̀ wò, kì í sì í rí púpọ̀ yẹ̀ wò, ó lè jẹ́ mẹ́rin, ó lè jẹ́ mẹ́wàá, torí iṣẹ́ olówó gọbọi ni. Fọ́múlà tí wọ́n ń lò nígbà yẹn, àfi ẹni tó bá ní nǹkan rẹpẹtẹ lọ́wọ́ ló wà fún, 1.96 ló máa ń fi lọ́po. Ó wá rí i pé tí nǹkan tó wà lọ́wọ́ èèyàn bá kéré, 1.96 ń tan onítọ̀hún jẹ ni, á jẹ́ kó rò pé ojú òun ríran ju bó ṣe ríran lọ, torí àwọn nǹkan díẹ̀ yẹn náà ló ń lò láti mọ bí gbogbo ẹ̀ ṣe jìnnà síra. Ní 1908 ló tẹ iṣẹ́ náà jáde, ṣùgbọ́n ilé iṣẹ́ ẹ̀ ò fẹ́ kí òṣìṣẹ́ máa fi orúkọ ara wọn tẹ irú nǹkan bẹ́ẹ̀ jáde, ló bá pe ara ẹ̀ ní Student. Títí dòní, Student lorúkọ tá a fi ń pe tébù tá a ti ń wo nọ́ńbà tá a máa fi lọ́po. Tí ẹja bá jẹ́ mẹ́wàá, 2.262 ló sọ pé ká lò, tó bá jẹ́ ogójì, á sún wálẹ̀ sí nǹkan bíi 2.02, bí ẹja ṣe ń pọ̀ ló ń sún mọ́ 1.96. Bí ọwọ́ ẹ bá ṣe kéré tó ni kó o ṣe fi àyè sílẹ̀ fún ara ẹ tó. Mo rò pé ìwà ọmọlúàbí ló wà nídìí tébù yẹn, àmọ́ ọ̀rọ̀ mi kọ́ nìyẹn lónìí.

Ọjọ́ tí Màmá wá

Màmá gbé bọ́ọ̀sì méjì wá. Ó ti gba owó lọ́wọ́ àwọn ìyálọ́jà ẹlẹgbẹ́ ẹ̀, kálukú ti sọ iye kílò tóun fẹ́, 1,650 ni wọ́n fi pín in. Wọ́n fa omi, wọ́n kó ẹja, wọ́n wọ̀n ọ́n báfù kan tẹ̀lé òmíì, nígbà tó máa di ọ̀sán, sìkélì ti parí ọ̀rọ̀. Ẹja 1,480 (àwọn kan ti kú láàárín), kílò 1,272.

Ó dín ní 378. Màmá ò pariwo, ìyẹn ló tiẹ̀ burú jù. Ó kàn jókòó sórí kééjì, ó ní "ṣé báyìí lo wá ń ṣe, ìwọ ọmọ yìí? Kí ni kí n sọ fáwọn tó kówó fún mi?" Bọ̀dá mi wo èmi. Èmi wo ilẹ̀.

Lákọ̀ọ́kọ́ mo ní ẹ̀bi wọn ni. Ṣebí mo sọ fún wọn pé kí wọ́n má pe nọ́ńbà kan? Àfìgbà tí mo délé tí mo pín 1,272 pẹ̀lú 1,480. Ó fún mi ní 0.86. Ẹ tún wò ó: èmi sọ pé láàárín 0.96 sí 1.24 ni. 0.86 ò tiẹ̀ sí nínú ẹ̀. Nọ́ńbà bọ̀dá mi parọ́, tèmi tí mo fi gírámà wé lórí náà parọ́.

Nǹkan tí 95 túmọ̀ sí, àti bí mo ṣe fi bo ojú ara mi

Àwíjàre kan wà tẹ́nikẹ́ni tó bá ka sitátísíìkì máa ń sá sí abẹ́ ẹ̀. Nǹkan tí mo ṣe yẹn, confidence interval ni wọ́n ń pè é, Jerzy Neyman, ọmọ Poland, ló là á sílẹ̀ ní 1937, èyí tí mo ṣe sì jẹ́ ti 95 nínú 100. Ọ̀pọ̀ èèyàn máa ń ṣi 95 yẹn gbọ́. Bọ̀dá mi rò pé mò ń sọ pé nínú ọgọ́rùn-ún ẹja, 95 á wọ̀n láàárín 0.96 sí 1.24. Rárá o. Ẹ wo àwọn mẹ́wàá wa lókè yẹn, mẹ́rin péré ló bọ́ sí àárín ibẹ̀. Ẹja kọ̀ọ̀kan kọ́ là ń sọ, áfíréèjì gbogbo wọn là ń wá.

Bí mo ṣe máa ń rí i lọ́kàn mi rèé. Ẹ jẹ́ ká sọ pé òpó kan wà tí wọ́n rì mọ́lẹ̀ nínú ọ̀sà lápá Ẹ̀bútẹ́, ilẹ̀ ti ṣú, o ò rí òpó, àmọ́ ó wà níbi tó wà, kì í sún. Áfíréèjì tòótọ́ nìyẹn. Ìwọ wá ń ju àwọ̀n. Ọjọ́ kan á balẹ̀ síbí, ọjọ́ kejì á balẹ̀ sọ́hùn-ún. Tó o bá jù ú bí Gosset àti Neyman ṣe ní kó o jù ú, ìgbà 95 nínú ọgọ́rùn-ún ni àwọ̀n á mú òpó. Ṣùgbọ́n èyí tó o jù lónìí yìí, ó ti mú un tàbí kò mú un, ọgọ́rùn-ún ò sí nínú ẹ̀ mọ́. Ọwọ́ tó ń ju àwọ̀n lo fọkàn tán, ẹ̀ẹ̀kan tó o jù ú yẹn ò lè ṣe ẹlẹ́rìí ara ẹ̀.

Àwíjàre mi wá rèé: ìgbà márùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún tí àwọ̀n kì í mú òpó, ọ̀kan nínú ẹ̀ ló bọ́ sí mi lọ́wọ́, orí ló burú. Mo fi ìyẹn sùn fún bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ó ṣáà ń há mi láyà, mo bá tún un ṣírò lálẹ́ ọjọ́ kan tí iná ò sí. Láti 1.1 dé 0.86, ó tó nǹkan bíi 0.063 lọ́nà mẹ́rin. Tó bá jẹ́ orí burúkú lásán ni, kí n ju àwọ̀n igba ìgbà, kò yẹ kí n jìnnà tó bẹ́ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Orí kọ́ o. Nǹkan kan wà.

Fíìdì

Ọjọ́ Sátidé kan ni mo lọ síbẹ̀, mi ò lọ fún nǹkan kan, mo kàn jókòó sórí búlọ́ọ̀kù lẹ́gbẹ̀ẹ́ pọ́ńdì kejì. Ọmọkùnrin yẹn fẹ́ mú ẹja méjì tí aládùúgbò kan wá rà. Ó bu fíìdì ẹ̀kúnwọ́ kan, ó fọ́n ọn sórí omi. Omi hó. Orí dúdú dúdú yọ, ẹnu gbígbòòrò, wọ́n ń gun ara wọn lórí. Ó ju àwọ̀n.

Mo ní "kí lo fọ́n fíìdì fún?"

Ó ní "Àǹtí, tí mi ò bá fọ́n ọn, wọn ò ní gòkè wá."

Mo ní "ṣé bó o ṣe ṣe é nígbà tá a ṣe sáńpù nìyẹn?"

"Bẹ́ẹ̀ ni. Ṣebí ẹ wà níbẹ̀." Ó wá rẹ́rìn-ín. "Àwọn tẹ́ ẹ ń wò yìí, àwọn ọ̀gá inú wọn nìyẹn. Àwọn kékeré ò lè wá sókè báyìí, wọ́n á gé wọn jẹ. Ìsàlẹ̀ ni wọ́n máa ń dúró, wọ́n á máa ṣa èyí tó bá rì."

Mo ti mọ̀ bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀ o. Gbogbo ẹni tó ń sin ẹja àrọ̀ mọ ọ̀rọ̀ ṣútà, àwọn ẹja tó máa ń yára tóbi ju ẹgbẹ́ wọn lọ tí wọ́n á wá máa jẹ ẹgbẹ́ wọn, òun ló fà á tí wọ́n fi ń sọ́ọ̀tì, kí wọ́n ya ńlá sọ́tọ̀ kúrò lára kékeré. Mo mọ̀ ọ́n, mo wà níbẹ̀, mo rí i tó fọ́n fíìdì, ojú mi wà lára bíró àti ìwé. Ẹja tó lágbára jù ni mo pè wá síbi àsè, mo wọ̀n wọ́n, mo wá ní bí gbogbo ìlú ṣe sanra nìyẹn.

Ibẹ̀ ni ẹja 0.4 yẹn ti sọ sí mi lọ́kàn. Òun nìkan ló ṣèèṣì bá wọn gòkè lọ́jọ́ náà. Òun ni ìkọkànlá, àbí kí n sọ pé òun ni ìkẹfà, mi ò rántí mọ́, mo kàn mọ̀ pé mo ní kí ó dá a padà torí kò jọ àwọn tó kù, ó máa ba nọ́ńbà mi jẹ́. Bí ọmọdé bá ṣubú á wo iwájú, bí àgbà bá ṣubú á wo ẹ̀yìn. Mo yọ fóònù níbẹ̀, mo kà á mọ́ wọn. Ẹja mọ́kànlá, kílò 11.4, áfíréèjì 1.04. Ìyàtọ̀ ẹja sẹ́ja fò láti 0.2 lọ sí 0.28. Tébù Student fún mọ́kànlá, 2.228. Mo ṣe é tán, ó ní láàárín 0.85 sí 1.23.

0.86 wà nínú ẹ̀. Ẹnu ọ̀nà ló dúró sí, ó fẹ̀yìn ti férémù ilẹ̀kùn, ṣùgbọ́n ó wà nínú ilé.

Mo jókòó síbẹ̀ pẹ́. Ẹja kan ṣoṣo tó fẹ́ sọ òótọ́ fún mi, mo ní kì í ṣe ara wọn.

Àwọn tí kò gòkè wá

Mi ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni rò pé mo ń sọ pé ẹja yẹn ì bá tún gbogbo nǹkan ṣe. Kò lè tún un ṣe, àárín rẹ̀ ṣì máa ga jù, torí fíìdì ti ba ọ̀rọ̀ jẹ́ kí n tó mú bíró. Ìyẹn gan-an ló ń dùn mí nípa bí wọ́n ṣe kọ́ wa. Wọ́n kọ́ wa ní fọ́múlà ọ̀sẹ̀ mẹ́rin, wọ́n fi ìṣẹ́jú mẹ́wàá sọ pé "ẹ rí i pé ẹ ò yàn wọ́n," wọ́n sì kọjá. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, ±0.14 yẹn, orí rere àti orí burúkú nìkan ló ń wọ̀n. Kò mọ nǹkan kan nípa ibi tó o ti ju àwọ̀n.

Ẹ sì má rò pé kí ẹja ṣáà pọ̀ ni oògùn ẹ̀. Ní Amẹ́ríkà ní 1936, ìwé ìròyìn Literary Digest fi káàdì ránṣẹ́ sí èèyàn mílíọ̀nù 10 láti bi wọ́n ta ni wọ́n máa dìbò fún sípò ààrẹ, ó lé ní mílíọ̀nù 2 tó dá a padà, wọ́n ní Landon ló máa wọlé. Roosevelt ló wọlé, ìpínlẹ̀ méjì péré ló pàdánù. Inú àkọsílẹ̀ àwọn tó ní tẹlifóònù àtàwọn tó ní mọ́tò ni wọ́n ti ṣa ọ̀pọ̀ orúkọ yẹn, lásìkò tí ebi ń pa ìlú, ẹni tó sì ráàyè dá káàdì padà kì í ṣe gbogbo èèyàn. Ìsàlẹ̀ omi làwọn tó kù wà.

Kí n tiẹ̀ má lọ jìnnà. Lórí WhatsApp àdúgbò wa, ẹnì kan bèèrè lóṣù tó kọjá pé wákàtí mélòó ni kálukú ń rí iná lójúmọ́. Ìdáhùn dára débi pé ó yà mí lẹ́nu. Ó tó ọjọ́ méjì kí àwọn ará òpópónà tó wà lẹ́yìn tó dáhùn, torí fóònù wọn ti kú.

Ti ìkànìyàn 2006 ńkọ́? Ìyẹn kì í tiẹ̀ ṣe sáńpù, gbogbo èèyàn ni wọ́n ní àwọn kà. Àjọ tó kà wá ní àwa ará Èkó jẹ́ mílíọ̀nù 9.1, ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó ní irọ́ ni, àwọn kà á ní mílíọ̀nù 17.5. Ti Ìkòròdú níbí nìkan, 535,619 ni àjọ pè é, títí dé orí ẹyọ mẹ́sàn-án ìgbẹ̀yìn. Mo máa ń wo mẹ́sàn-án yẹn. Nọ́ńbà tó bá dá lójú tó bẹ́ẹ̀ máa ń jẹ́ kéèyàn gbàgbé láti bèèrè ilé tí wọn ò kàn. Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ.

Pọ́ńdì kejì

A ti tún un ṣe. Bọ̀dá mi ò fẹ́, mo bẹ̀ wọ́n. A ò fọ́n fíìdì, a ò tiẹ̀ fún wọn lóúnjẹ láàárọ̀ yẹn. A fa omi wálẹ̀ dé orúnkún, a fi àwọ̀n gígùn wọ́ pọ́ńdì láti ìpẹ̀kun kan dé ìkejì, a há gbogbo wọn mọ́ kọ́nà, ọmọkùnrin yẹn wá ń fi báfù bù ú láìwolẹ̀. Ogójì la mú. Bọ̀dá mi ní ogójì ha lè sọ̀rọ̀ fún 1,200? Mo ní ó lè sọ ọ́, tí pọ́ńdì bá tiẹ̀ jẹ́ ti ẹgbẹ̀rún lọ́nà ọgọ́rùn-ún, ogójì yẹn á sọ̀rọ̀ fẹ́ẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ náà, iye tá a mú jáde ló ṣe kókó. Wọn ò gbà mí gbọ́, mi ò sì dá wọn lẹ́bi, èmi náà jiyàn nígbà tí mo wà ní ọdún kejì ní yunifásítì. Wọ́n ní ó dáa, ká wá mú ọgọ́jọ. Mo ní ọgọ́jọ máa sọ àlàfo yẹn di ìlàjì, torí square root ló wà ńbẹ̀, ìlọ́po mẹ́rin iṣẹ́ fún ìlàjì àǹfààní, ta ló máa san owó ẹja tó bá kú?

Báfù kan gbé ẹja 0.3 kan wá. Ọmọkùnrin náà wo ojú mi, ọwọ́ ẹ̀ ti ń lọ sápá omi. Mo ní "gbé e sórí sìkélì."

Áfíréèjì 0.84, ìyàtọ̀ ẹja sẹ́ja 0.24. Láàárín 0.76 sí 0.92. Fún ẹja 1,200, kílò 915 sí 1,100. Lọ́tẹ̀ yìí èmi ni mo pe Màmá. Mo kọ́kọ́ tọrọ àforíjì tọjọ́sí, mo wá sọ méjèèjì fún un, mo ní "Màmá, tí mo bá sọ ẹyọ kan fún yín, mo ń parọ́ fún yín ni."

Ó dákẹ́ díẹ̀, ó wá bú sẹ́rìn-ín. "Ọmọ mi, o gbọ́n. Èmi ti gbọ́, 915 ni mo máa mówó ẹ̀ wá."

Bọ̀dá mi já fóònù gbà lọ́wọ́ mi. "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, 1,100 ni kẹ́ ẹ mówó wá o!"

Wọ́n ṣì ń fà á lọ́wọ́ títí di alẹ́ àná. Sátidé tó ń bọ̀ ni wọ́n máa kó ẹja.